Ẹ Ti Gbàgbé Orlando Martins Ni?

Olóòtú, ẹ kú iṣẹ́.

Inú ló ń bí mi. Lálẹ́ ọjọ́ Àìkú tó kọjá, atọ́kùn ètò tẹlifíṣọ̀n kan là á mọ́lẹ̀ pé àìpẹ́ yìí ni ọmọ Yorùbá ṣẹ̀ṣẹ̀ ń ráyè wọ fíìmù àwọn òyìnbó London. Àwọn àlejò rẹ̀ ń mi orí bí alángbá. Kò sẹ́ni tó bi í pé, Orlando Martins ńkọ́?

Òṣèré fíìmù ni, ọmọ Òkè Súnà, l'Ékòó níbí, tí wọ́n bí ní 1899! Kó tó rí ipa gidi kó ní London, ó ja ìjàkadì gbowó, ó fejò dárà nínú sákọ́ọ̀sì, ó ṣe mẹ́gàdì lóru. Ó wà nínú Sanders of the River ní 1935. Lóòótọ́, fíìmù yẹn bu Áfíríkà kù, àmọ́ ipa tí wọ́n bá fún aláwọ̀ dúdú nígbà yẹn náà ló ń kó. Ẹ wo The Hasty Heart ti 1949. Òun ni Blossom, sójà Áfíríkà tó wà ní ọsibítù ológun ní Burma, tí kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ó fi ìlẹ̀kẹ̀ ta ará Scotland aláìsàn kan lọ́rẹ, onítọ̀hún kọ̀ ọ́. Ojú nìkan ni Martins fi ṣeré, ó sì wọni lára. Ronald Reagan tó padà di ààrẹ Amẹ́ríkà wà ní wọ́ọ̀dù kan náà nínú fíìmù ọ̀hún.

Ó padà wálé, ó ṣeré nínú fíìmù Kongi's Harvest ní 1970, Èkó náà ló kú sí ní 1985. Síbẹ̀, wọn ò mọ̀ ọ́n! Àwọn tá a gbéṣẹ́ àṣà lé lọ́wọ́ mọ ríbọ́ọ̀nù gé, wọ́n mọ aṣọ ẹgbẹ́ dá, wọn ò mọ Martins.

Kí wọ́n kọ ọ́ sínú ìwé ọmọléèwé. Àmọ́ èyí tí mo fẹ́ gan-an nìyí: kí wọ́n máa fi fíìmù rẹ̀ kan hàn lóṣooṣù ní John Randle Centre, ilé àṣà àti ìtàn Yorùbá tó wà ní Oníkan, lọ́sàn-án Sátidé. Láti Òkè Súnà, ẹsẹ̀ lèèyàn lè fi rìn débẹ̀. Kí ọmọléèwé tó bá wọ yunifọ́ọ̀mù wọlé lọ́fẹ̀ẹ́. Kí wọ́n sanwó fún àwọn tó ni fíìmù, kí wọ́n má lọ jí i lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Kí àgbà òṣèré kan máa fi Yorùbá ṣàlàyé, kó dá fíìmù dúró níbi ìlẹ̀kẹ̀ yẹn, kó bi àwọn ọmọ pé kí ni wọ́n rí. Bí wọ́n bá ní kò sówó, kí wọ́n yọ ọ́ nínú owó àsè ọdọọdún wọn.

Èmi ni,
Òǹkàwé yín, Lafiaji, Èkó.