Ẹ Má Kọ́lé Sí Gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ Òkè Regent

Olóòtú mi ọ̀wọ́n,

Ẹ kú iṣẹ́ ìròyìn o. Aṣọ ni mò ń tà ní Freetown, olú ìlú Sàró, ṣùgbọ́n Regent tó wà lórí òkè lẹ́yìn ìlú ni mò ń gbé láti ọdún 2012. Àwọn èèyàn wa tó ń wá ṣòwò níbí ń bẹ̀ mí léraléra pé kí n bá àwọn wá ilẹ̀ tí àwọn máa kọ́lé sí níbẹ̀. Wọ́n gbọ́ pé atẹ́gùn ibẹ̀ tutù, pé èèyàn á jókòó sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ á máa wo òkun. Òótọ́ ni. Síbẹ̀ mo bẹ̀ wọ́n, kí wọ́n má ṣe é.

Àárín òkun àti òkè ni Freetown há sí. Láti ìgboro, ẹ lè gba abúlé Leicester àti Gloucester gòkè, tàbí kí ẹ gba Wilberforce sí Hill Station. Hill Station yìí làwọn òyìnbó amúnisìn sá fún ẹ̀fọn lọ ní 1904, tí wọ́n sì ṣe ọ̀nà rélùwéè débẹ̀. Láti 1929 ni rélùwéè náà ti kógbá sílé. Podapoda, ìyẹn bọ́ọ̀sì kékeré akérò, là ń wọ̀ báyìí. Bí òjò bá ti ṣú, awakọ̀ á ní òun ò gun òkè mọ́. Ìgbà kan wà tí mo ru ìdì àǹkárá láti Hill Station dé ilé. Ọ̀nà tó ti Regent já sí ìlú Grafton ló gbà wá lọ́wọ́ súnkẹrẹ-fàkẹrẹ ìgboro, mo sì dúpẹ́ fún un. Àmọ́ ibi tí ọ̀nà bá dé nilé ń bá a dé. Wọ́n á gé igi, wọ́n á gbẹ́ òkè, wọ́n á mọ búlọ́ọ̀kù lé e.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ 14 Oṣù Kẹjọ 2017, lẹ́yìn òjò ọjọ́ mẹ́ta, ẹ̀gbẹ́ òkè Sugar Loaf ní Regent yìí já wálẹ̀. Èèyàn tó bá a lọ lé ní 1,000. Ìyá oníbúrẹ́dì tó máa ń kí mi ní "kushe" láràárọ̀ wà nínú wọn. "Ẹ kú iṣẹ́" tiwa náà ni, tí àwọn Aku, àwọn Yorùbá tí wọ́n gbà sílẹ̀ nínú ọkọ̀ ẹrú, gbé gun òkè yìí. Bathurst tó wà nítòsí wa ni Àjàyí Crowther ti kàwé. Àwo búrẹ́dì ìyá yẹn, tí ẹrẹ̀ pupa kún inú rẹ̀, la rí. A ò rí òun.

Ẹni tó bá ṣì fẹ́ òkè, kó wá ní Oṣù Kẹjọ, kó fẹsẹ̀ rin ilẹ̀ náà nínú òjò. Kó gbójú sókè wò bóyá igi ṣì kù níbẹ̀, kó wo ìsàlẹ̀ bóyá ojú àgbàrá ni. Bí kò bá lè ṣe bẹ́ẹ̀, kó gba ọ̀nà Grafton lọ sí ìlú Waterloo. Ilẹ̀ ibẹ̀ tẹ́jú, àwọn Aku sì wà níbẹ̀. Màá mú un lọ fúnra mi.

Èmi ni tiyín,
Ìyá Aláṣọ,
Regent, Freetown.