Ẹ̀sùn Lórí Ẹ̀yáwó Ilé Wa: Iye Tí Ẹ Kò Sọ Fún Wa

Sí Ọ̀gá Àgbà, Ẹ̀ka Ẹ̀yáwó Ilé

Ẹ̀yin ọ̀gá,

Mo kí yín o. Oníbàárà yín ni mí. Ọdún mẹ́ta sẹ́yìn ni èmi àti ọkọ mi yá mílíọ̀nù 10 lọ́wọ́ yín láti fi ra ilé tí à ń gbé. Láti ìgbà náà, a kò pa oṣù kan jẹ, a kò sì jẹ́ kí ọjọ́ ìsanwó kọjá rí. Mo tètè sọ èyí kí ẹni tó bá ṣí lẹ́tà yìí má baà rò pé ẹni tó fẹ́ sá fún gbèsè ló ń kọ̀wé. Gbèsè tí a jẹ, a fẹ́ san án. Ohun tó ń dùn mí ni pé ẹ kò jẹ́ ká mọ àpapọ̀ iye tí a máa san, àti pé nígbà tí iye náà tún fi mílíọ̀nù mẹ́jọ lé sí i, ẹ kọ̀wé sí wa bí ẹni pé kò sí nǹkan kan.

Ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ láti ọjọ́ tí a wá. A jókòó síwájú òṣìṣẹ́ yín kan. Ọmọlúàbí ni, ó fi sùúrù tọ́ wa sọ́nà lẹ́sẹẹsẹ nípa ìwé tí a máa mú wá. Nígbà tí ọkọ mi bi í pé èló ni owó náà máa jẹ́, ó tẹ ẹ̀rọ ìṣirò rẹ̀, ó sì yí ojú rẹ̀ sí wa lórí tábìlì. Ohun tó wà níbẹ̀ ni 110,109. Ó ní, “Èyí ni ẹ ó máa san lóṣù.” Ọkọ mi wò mí, èmi náà wò ó. A ti jókòó ti owó oṣù àwa méjèèjì ní alẹ́ ọjọ́ tó ṣáájú, a sì mọ̀ pé apá wa á ká a. Inú wa dùn. A fọwọ́ sí ìwé lọ́sẹ̀ náà gan-an.

Ẹ̀rọ ìṣirò yẹn wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ìṣirò kan péré ló kù tí ìbá ṣe: 110,109 lọ́nà 240, nítorí oṣù 240 ló wà nínú ọdún 20. Ìdáhùn rẹ̀ ni 26,426,160. Mílíọ̀nù 10 la yá, mílíọ̀nù 26 àti ààbọ̀ dín díẹ̀ la máa san. Àbọ̀ ọ̀rọ̀ là ń sọ fún ọmọlúàbí, tó bá dénú rẹ̀ á di odindi. Ṣùgbọ́n ẹni tó fẹ́ tọrùn bọ gbèsè ogún ọdún, odindi ló yẹ kí wọ́n sọ fún un.

N kò ní kí ẹ má gba èlé o. Owó tí ẹ yá wa, ẹ̀yin náà lè fi ṣòwò mìíràn, ogún ọdún sì jìnnà. Mo mọ̀ pé ohun tí owó lè rà lónìí kọ́ ló máa rà nígbà náà. Bí ẹ bá sọ iye náà fún wa lọ́jọ́ yẹn, ó ṣeé ṣe ká ṣì fọwọ́ sí i. Ṣùgbọ́n à bá ti béèrè pé tó bá jẹ́ ọdún 15 ńkọ́? Mo ti wá ṣírò rẹ̀ fúnra mi báyìí. 120,017 là bá máa san lóṣù, àpapọ̀ rẹ̀ á sì jẹ́ mílíọ̀nù 21.6. Owó tí kò tó 10,000 là bá fi kún oṣooṣù, mílíọ̀nù 4.8 ni ìbá sì kúrò lọ́rùn wa. A lè san 120,017. Ẹ kò fi hàn wá, àwa náà kò mọ̀ pé ó yẹ ká béèrè.

Nínú mílíọ̀nù 10 yẹn náà, 200,000 kò kan ilé rárá. Owó agbẹjọ́rò, owó àyẹ̀wò ilé àti owó ìwé ni. Òṣìṣẹ́ yín ní ká má ṣe ìyọnu, ẹ máa fi kún gbèsè. A rò pé ẹ̀ ń ràn wá lọ́wọ́ ni. 200,000 tí a bá fi ogún ọdún san pẹ̀lú èlé yín yóò ju 528,000 lọ.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti wá burú nìyí. Nígbà tí ọdún méjì pé, lẹ́tà yín dé. Ẹ ní èlé ti kúrò ní ìdá 12 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dún, ó ti di ìdá 13. Àyà mi já. Ṣùgbọ́n ìlà kejì, tí ẹ fi lẹ́tà dúdú kirikiri kọ, ni: “Iye tí ẹ̀ ń san lóṣooṣù kò yí padà.” Orí ìdúró ni mo ti ka lẹ́tà náà lẹ́nu ọ̀nà ilé ìdáná, mo sì ké sí ọkọ mi pé kó wá gbọ́. A dúpẹ́. Mo tilẹ̀ sọ fún ẹ̀gbọ́n mi obìnrin pé ilé-iṣẹ́ tí a bá ṣe mọ èèyàn lára. Mo fi lẹ́tà náà sínú fáìlì, n kò sì tún bojú wò ó mọ́.

Oṣù mẹ́fà lẹ́yìn náà, a fi 300,000 ránṣẹ́ sí yín, lọ́tọ̀ sí owó oṣù. Ọdún kan àti ààbọ̀ la fi tọ́jú rẹ̀. Nígbà tí mò ń fi owó náà ránṣẹ́, mo kọ ọ́ síbẹ̀ pé: “fún dídín ojú owó gbèsè kù.” Lẹ́yìn náà ni mo béèrè fún àkọsílẹ̀ gbèsè wa, kí n lè rí i pé ó ti dín. Àkọsílẹ̀ yẹn ló là mí lójú.

Ẹ ti pín owó oṣooṣù wa sí ọ̀nà méjì níbẹ̀, èyí tó lọ sí èlé àti èyí tó lọ sí ojú owó, ìyẹn mílíọ̀nù 10 gan-an tí a yá. Ní oṣù àkọ́kọ́ pátápátá, nínú 110,109, èlé gba 100,000. 10,109 péré ló kan ojú owó. Ní gbogbo ọdún kìíní, owó tí a san lé ní mílíọ̀nù 1.3, ṣùgbọ́n gbèsè wa kò fi ju 128,000 àti díẹ̀ lọ dín. Ìyẹn nìkan ti tó kí èèyàn jókòó. Ni mo bá dé ìlà oṣù tí èlé di ìdá 13. Èlé: 105,379. Ojú owó: 4,730. Mo kọ́kọ́ rò pé ẹ̀rọ ló fo òdo kan. Mo nu ojú, mo tún un kà. 4,730 ni. Èlé kò fi ju ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún lọ gòkè, àmọ́ ohun tó ń dín nínú gbèsè wa lóṣù kò tó ìdajì ti tẹ́lẹ̀ mọ́.

Mo mú ìwé ìṣirò ọmọ mi obìnrin, mo fa ìlà sí i, mo bẹ̀rẹ̀ sí í ṣe é lóṣooṣù: gbèsè tó kù, èlé rẹ̀, iye tí a san, gbèsè tó tún kù. Ojú ewé kẹta ni mo wà nígbà tí ọmọ náà dúró lẹ́yìn mi. Ó ní, “Màámi, ẹ jẹ́ kí n fi kọ̀ǹpútà bá yín ṣe é.” Ó tẹ̀ ẹ́ sínú rẹ̀, ó ń fa ìlà náà lọ sísàlẹ̀. Nígbà tó dé oṣù 240, oṣù tó yẹ kí ilé di tiwa, òdo kọ́ ló wà níbẹ̀. Gbèsè tó lé ní mílíọ̀nù 5.6 ló wà níbẹ̀. Ó ní, “Màámi, ṣé mo ṣì í ni?” Kò ṣì í. Ó ń fà á lọ títí ó fi dé oṣù 316, síbẹ̀ ó ṣì ku eérún díẹ̀.

Ìyẹn ni pé iye tí à ń san kò yí padà lóòótọ́, oṣù tí a máa fi san án ló yí padà. Ẹ ti fi oṣù 76 kún un. Ọdún mẹ́fà àti oṣù mẹ́rin nìyẹn. Lẹ́tà yín kò dárúkọ ẹyọ kan nínú wọn, bẹ́ẹ̀ ni kò sọ pé àpapọ̀ owó tí a máa san ti kúrò ní mílíọ̀nù 26.4, ó ti di mílíọ̀nù 34.8. Ẹni ọdún 41 ni mí nígbà tí mo fọwọ́ sí ìwé yín. Mo ti ṣètò ayé mi pé n óò parí rẹ̀ ní ọdún 61, ọdún tí mo fẹ́ fẹ̀yìn tì. Ẹ ti sún un lọ sí ọdún 67, ẹ kò sì bi mí.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá mi wo òdìkejì rẹ̀. Ká ní ẹ kọ̀wé sí wa pé, “Èlé ti gòkè, tí ẹ bá fẹ́ parí lọ́dún 20 bí a ṣe jọ ṣàdéhùn, ẹ máa san 116,770 lóṣù.” 6,661 péré ló máa fi lé sí i. Àpapọ̀ gbogbo rẹ̀ á jẹ́ bíi mílíọ̀nù 27.9. Bí mílíọ̀nù méje ló wà láàárín lẹ́tà tí ẹ kọ àti lẹ́tà tó yẹ kí ẹ kọ. Mo mọ̀ pé àwọn oníbàárà yín kan wà tí 6,661 yẹn máa ni lára, tí wọ́n á sì fẹ́ kí ọjọ́ gùn sí i. Kò burú. Kí wọ́n fi ẹnu ara wọn yàn án ni. Àwa kò yàn án.

Ti 300,000 wa ńkọ́? Kò dín ojú owó kù rárá. Ẹ fi í pa mọ́ bí àsansílẹ̀ oṣù méjì àti díẹ̀. Nígbà tí mo pè yín, ọ̀dọ́mọbìnrin tó gbé fóònù sọ pé bí ètò yín ṣe rí nìyẹn, àfi tí oníbàárà bá kọ́kọ́ kún fọ́ọ̀mù kan. Kò sẹ́ni tó sọ̀rọ̀ fọ́ọ̀mù kankan fún wa rí, mo sì ti kọ ohun tí owó náà wà fún sára rẹ̀. Ká ní ẹ fi í sí ibi tí mo ní kí ẹ fi í sí lọ́jọ́ tó dé ọwọ́ yín, oṣù 46 ni ìbá já kúrò lẹ́yìn gbèsè wa, kódà pẹ̀lú èlé ìdá 13. Mo ti tún un ṣírò lẹ́ẹ̀mẹta nítorí n kò gbà á gbọ́. Owó tó bá tètè kan ojú owó, èlé kò tún ní bí lórí rẹ̀ mọ́ títí gbèsè á fi tán. Ìdí nìyẹn tí 300,000 lónìí fi lè pa iye tó lé ní mílíọ̀nù 5 rẹ́ lọ́jọ́ iwájú. Ẹ̀yin tí ẹ̀ ń ṣe iṣẹ́ yìí lójoojúmọ́ mọ̀ bẹ́ẹ̀. Àwa ni a kò mọ̀.

Ní Amẹ́ríkà, láti ọdún 1968 ni òfin ti wà pé kí ayánilówó kọ iye tí ẹ̀yáwó máa náni sílẹ̀ kí oníbàárà tó wọnú rẹ̀. Ní Yúróòpù, ìlànà kan tí wọ́n ṣe lọ́dún 2014 ní kí wọ́n fún ẹni tó fẹ́ yá owó ilé ní ìwé tí àpapọ̀ iye tó máa san padà wà nínú rẹ̀. Kò yẹ kó jẹ́ òfin nìkan ló máa mú ilé-iṣẹ́ sọ irú nǹkan bẹ́ẹ̀.

Ohun tí mo ń fẹ́ nìyí. Ẹ mú 300,000 wa kúrò níbi tí ẹ fi í sí, kí ẹ fi í dín ojú owó kù láti ọjọ́ tó dé ọwọ́ yín, kí ẹ sì yọ èlé tí ẹ ti gbà lórí rẹ̀ láti ìgbà náà kúrò nínú gbèsè wa. Ẹ dá àdéhùn wa padà sí ọdún 20. A ti ṣetán láti máa san iye tó bá yẹ lóṣù láti oṣù tó ń bọ̀, a ti jókòó tì í, apá wa ká a. Ẹ kọ iye náà ránṣẹ́ sí wa, kí ẹ sì kọ oṣù àti ọdún tí a máa san èyí tó gbẹ̀yìn, àti àpapọ̀ owó tí a máa ti san nígbà náà, kí gbogbo rẹ̀ wà lójú ewé kan. Mo tún fẹ́ mọ̀ bóyá ìtanràn wà fún ẹni tó bá fẹ́ san gbèsè tán ṣáájú àkókò, nítorí mo ti wá a nínú àdéhùn, ọ̀rọ̀ tó wà níbẹ̀ kò yé mi.

Èyí tó kẹ́yìn kò kan èmi nìkan. Àwọn mìíràn gba irú lẹ́tà tí mo gbà yẹn. Àwọn náà ti fi í sínú fáìlì, wọ́n ti dúpẹ́. Ẹ kọ̀wé sí wọn, kí ẹ sọ iye oṣù tí ẹ ti fi kún tiwọn fún wọn, kí ẹ sì jẹ́ kí wọ́n yàn.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fèsì lórí ìwé láàárín ọjọ́ 14. N kò fẹ́ kí ẹ pè mí lórí fóònù. Mo ti fi ẹ̀dà lẹ́tà tí ẹ kọ sí wa, ẹ̀dà àkọsílẹ̀ gbèsè, àti ìṣirò oṣù 316 tí ọmọ mi tẹ̀ sínú àpòòwé yìí.

Èmi ni tiyín ní tòótọ́,
Oníbàárà yín