Ẹ má pe Manfred Krug ní aláìmoore

Olóòtú mi ọ̀wọ́n,

Mo ka lẹ́tà òǹkàwé yín kan tó ní òṣèré Jámánì nnì, Manfred Krug, ya aláìmoore: pé nígbà tí Jámánì ṣì pín sí méjì, ìjọba Kọ́múníìsì ìhà Ìlà-Oòrùn fún un nílé, ó fún un ní ẹ̀bùn, àmọ́ Krug kẹ́rù rẹ̀ lọ sí ìhà Ìwọ̀-Oòrùn ní 1977. Tírélà ni mo wà níhìn-ín ní Hamburg kí n tó fẹ̀yìn tì. Krug ṣe awakọ̀ tírélà nínú eré orí tẹlifíṣọ̀n, ẹnu rẹ̀ sì ni mo ti kọ́ èyí tó pọ̀ jù nínú Jámánì tí mò ń sọ. Ẹ gbà mí láyè kí n gbèjà rẹ̀.

Iṣẹ́ irin ló kọ́kọ́ kọ́, ní Brandenburg. Àpá iwájú orí rẹ̀ yẹn, irin yíyọ́ ló ta sí i. Ní 1966 ó ṣe olórí àwọn káfíńtà nínú fíìmù kan tí Frank Beyer darí. Fíìmù ọ̀hún ò ju ọjọ́ díẹ̀ lọ ní sinimá tí ìjọba fi gbé e kúrò. Wọ́n tilẹ̀ rán àwọn èèyàn wọlé kí wọ́n máa pariwo lé e lórí. Ó di 1989 kó tó tún jáde. Síbẹ̀ Krug ò lọ. Ó ń ṣeré, ó ń kọrin jáàsì.

Ìwé kan tó fọwọ́ sí ló dá gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Ní oṣù kọkànlá 1976, olórin Wolf Biermann tóun náà ń gbé ní Ìlà-Oòrùn lọ kọrin ní Cologne, ní ìhà Ìwọ̀-Oòrùn, ìjọba bá ní kò gbọdọ̀ padà wálé mọ́. Àwọn òǹkọ̀wé kọ̀wé ta kò ó, Krug sì bá wọn fọwọ́ sí i. Wọ́n ní kó yọ orúkọ rẹ̀, ó kọ̀. Bí iṣẹ́ ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ nìyẹn. Nígbà tí ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn Nàìjíríà wa fòfin de Ògúǹdé ní 1964, ojú táyé ni, a mọ ẹni tá a máa bá wí. Ti Krug, ta ló fẹ́ bá wí? Wọ́n kàn ń sọ fún un pé àyè ò sí ni.

Èyí tó dùn mọ́ mi jù ni ti 20 oṣù kọkànlá yẹn. Werner Lamberz, àgbà kan nínú ẹgbẹ́ tó ń ṣèjọba, wá bá òun àtàwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ nílé Krug ní Pankow, ní Ìlà-Oòrùn Berlin, kó lè pẹ̀tù sí wọn nínú. Kò mọ̀ pé Krug ti tan rẹkọ́dà sílẹ̀ ní kọ̀rọ̀. Àwọn tó ń fi gbogbo ìgbà yọ́ gbọ́ tara ìlú, ẹnì kan wá yọ́ gbọ́ tiwọn náà!

Òótọ́ ni, ó nílé ńlá, ó láwọn ọkọ̀ àtijọ́ tó ń tọ́jú. Ṣé ilé ló fẹ́ máa ṣeré fún? Ọmọ ogójì ọdún ni nígbà tó kó ìyàwó àtọmọ sọdá sí Ìwọ̀-Oòrùn Berlin. Níbẹ̀ ló ti gun tírélà nínú eré tẹlifíṣọ̀n, ó ṣe lọ́yà nínú òmíràn, ó tún ṣe ọlọ́pàá Hamburg tó ń kọrin.

Ní 1996 ó tẹ ohun tí rẹkọ́dà yẹn gbà sílẹ̀ jáde níwèé. Bí ẹni tó kọ lẹ́tà sí yín bá gbọ́ Jámánì, kó wá a kà.

Awakọ̀ tírélà tó ti fẹ̀yìn tì,
Hamburg