Lẹ́tà sí Àdùkẹ́, lórí pọ́ǹkì àti dọ́ọ̀bù

Àdùkẹ́ ọmọ mi,

Mo ti gbọ́ orin tí ẹ gbà sílẹ̀. Ohùn rẹ wọ̀ mí lára, gìtá yín sì gbóná, ṣùgbọ́n ibi tí ẹ pè ní dọ́ọ̀bù yẹn, rẹ́gẹ̀ tí wọ́n yọ ohùn kúrò nínú rẹ̀ kí ìlù, béèsì àti gbohùngbohùn lè gba iwájú, kò tíì di dọ́ọ̀bù. Gbogbo nǹkan ló ń dún pọ̀. Ẹ fi àyè sílẹ̀.

Àyè yìí gan-an làwọn ọmọ pọ́ǹkì Lọ́ńdọ̀nù, àwọn ọ̀dọ́ tó ń kọ orin rọ́ọ̀kì kíkankíkan, kọ́ lọ́wọ́ àwọn ará Jàmáíkà. Nígbà tí Don Letts, DJ wọn, ń fi àwo sí i ní Roxy, ilé ijó pọ́ǹkì kan ní Covent Garden lọ́dún 1977, àwo pọ́ǹkì kò tíì pọ̀ tó ohun tí wọ́n lè fi ṣe òru kan mọ́jú, rẹ́gẹ̀ àti dọ́ọ̀bù ló fi ń dí i. Bẹ́ẹ̀ ni etí wọn ṣe mọ́ ọn. Ní 1979, Dennis Bovell, tí wọ́n bí ní Barbados, ló bá the Slits, ẹgbẹ́ pọ́ǹkì àwọn obìnrin, ṣe àwo Cut. Gbọ́ bí gìtá ibẹ̀ ṣe tẹ́ẹ́rẹ́ kí béèsì lè ráyè rìn.

Ẹ bẹ̀rẹ̀ láti orí béèsì. Yí tírẹ́bù rẹ̀, ìyẹn ohùn òkè, wálẹ̀ dáadáa, kí o sì fi àtàǹpàkò ta á nítòsí ọrùn rẹ̀. Ní ti ìlù, ẹ ka oókan dé ẹẹ́rin: ẹ má lu oókan rárá, kí sínéà, ìlù kékeré tó ń dún ṣá, àti ìlù tí ẹsẹ̀ ń lù jọ bọ́ sórí ẹẹ́ta. Gìtá á já lórí èèjì àti ẹẹ́rin, kí ọwọ́ tó tẹ okùn sì dẹ̀ lójú ẹsẹ̀ kí ohùn lè kú. Ẹ jẹ́ kó mọ́ o. Gìtá tí ohùn rẹ̀ há máa ń kún gbogbo àárín, á bo béèsì mọ́lẹ̀. Ìyáàlù kì í sọ̀rọ̀ kí omele wá bò ó.

Ó kan gbohùngbohùn, ohùn tó ń dún padà, ibẹ̀ ni ẹ ti ṣìnà jù. Orin yín ń lọ ní ìlù 75 ní ìṣẹ́jú kan. Pín 60,000, iye mìlísẹ́kọ́ńdù inú ìṣẹ́jú kan, sí ọ̀nà 75, o ní 800 fún ìlù kan. Ìdá mẹ́ta nínú mẹ́rin rẹ̀, 600, ni kí o tẹ̀ sínú ẹ̀rọ gbohùngbohùn, kò ní gun orí sínéà. Gbé ohùn tó ń padà bọ̀ sórí ṣánẹ́lì tirẹ̀, kí o gé gbogbo ohùn ìsàlẹ̀ tí kò tó 200 Hz. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, á di ẹrẹ̀. Bí o bá sì fẹ́ kó máa bọ́ ara rẹ̀, kí ohùn tó padà tún máa wọnú ẹ̀rọ, má gbé ọwọ́ kúrò lórí fédà, bọ́tìnì tó ń gbé ohùn sókè sódò, torí ó ń ga sí i ni títí á fi fọ́ sípíkà.

Tírákì mẹ́rin péré, ìyẹn ọ̀nà mẹ́rin tí ohùn ń gbà lọ́tọ̀ọ̀tọ̀, ni King Tubby, àgbà oníṣẹ́ dọ́ọ̀bù, ń lò ní Kingston. Kó tiyín náà jọ sí mẹ́rin: ìlù, béèsì, gìtá, ohùn. Kí o wá máa fà wọ́n wálẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan, kí ìlà orin kan ṣoṣo gbé gbohùngbohùn nígbà tí ìyókù bá dákẹ́.

Bí ẹ bá fẹ́ tẹ àwo oní-ínṣì méje, ojú kan kò gbọdọ̀ pẹ́ jù nǹkan bí ìṣẹ́jú mẹ́rin, kí béèsì sì wà láàárín gbùngbùn, kò gbọdọ̀ yà sápá kan. Ẹ̀dà 1,000 ni ẹgbẹ́ pọ́ǹkì Buzzcocks kọ́kọ́ tẹ ní 1977, owó yíyá ni wọ́n fi ṣe é, nǹkan bíi 500 pọ́n-ùn. Ẹ má tíì yá kọ́bọ̀. Tún orin yìí ṣe ná, kí o fi ránṣẹ́ kó tó di ọjọ́ Ẹtì. Orí sípíkà ńlá ni mo fẹ́ ti gbọ́ ọ.

Ìyá rẹ