Nítorí Owó Òrùlé àti Bọ́ọ̀lù Mọ́rẹ́nikẹ́

Lille, ilẹ̀ Faransé

Ẹ̀gbọ́n mi ọ̀wọ́n,

Mo kí yín, mo kí Ìyá Dàpọ̀ àti gbogbo ará ilé. Àlàáfíà ni a wà. Ẹ má bínú pé lẹ́tà yín ti pẹ́ lọ́wọ́ mi kí n tó fèsì. Owó ni mo ń dúró dè, nítorí n kò fẹ́ fi ọwọ́ òfìfo kọ̀wé sí yín. Ìdajì owó òrùlé ti kúrò lọ́wọ́ mi ní ọjọ́ Ẹtì, ìdajì tó kù yóò tẹ̀ lé e ní ìparí oṣù tó ń bọ̀. N kò gbàgbé.

Ṣùgbọ́n ẹ kọ ọ́ síbẹ̀ pé ẹ gbọ́ pé mo ń fi owó òrùlé ilé Bàbá ra bàtà bọ́ọ̀lù fún ọmọbìnrin, àti pé kí n dá ọmọ mi Mọ́rẹ́nikẹ́ padà sọ́dọ̀ yín ní oṣù Kẹsàn-án, kí ó lè lọ sí ilé ìwé tí wọ́n ti ń kọ́ ọmọ ní ẹ̀kọ́ ilé. Ta ló sọ ọ̀rọ̀ bàtà fún yín? Àlòkù ni bàtà náà, owó rẹ̀ kò sì tó owó ìrẹsì tí à ń jẹ ní ọ̀sẹ̀ méjì. Nígbà tí Dàpọ̀ wà ní ọmọ ọdún mọ́kànlá, Ẹ̀gbọ́n, ta ló ra bàtà bọ́ọ̀lù fún un?

Ẹ ní obìnrin kì í ti ìdí bọ́ọ̀lù jẹun. Ní ìlú tí mo ń gbé yìí gan-an ni wọ́n ti bí Amandine Henry, agbábọ́ọ̀lù obìnrin ilẹ̀ Faransé, ní ọjọ́ 28 oṣù Kẹsàn-án ọdún 1989. Láti kékeré ni ó ti ń bá àwọn ọmọkùnrin gbá bọ́ọ̀lù ní àwọn ẹgbẹ́ kéékèèké àgbègbè wa, ní Lomme àti ní Lambersart, gẹ́gẹ́ bí Mọ́rẹ́nikẹ́ náà ti ń ṣe báyìí. Ó kọjá sí Hénin-Beaumont, wọ́n mú un lọ sí Clairefontaine tí wọ́n ti ń tọ́ àwọn ọmọ tí ọwọ́ wọn mọ́ iṣẹ́ náà, nígbà tí ó sì di ọdún 2007, ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù Lyon gbà á.

Kì í ṣe ẹni tí ń dúró síwájú ilé alátakò kí ó lè gba ìyìn. Àárín pápá ni ipò rẹ̀, níwájú àwọn agbẹ́yìn. Òun ni ń já bọ́ọ̀lù gbà lẹ́sẹ̀ alátakò, tí ń wo ibi tí àyè wà, tí ń gbé e fún ẹni tí yóò gbá a wọlé, tí ariwo yóò sì sọ lórí ẹlòmíràn. Ẹ̀yin náà mọ irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀, nítorí òun ni ẹ ti ń ṣe nínú ẹbí yìí láti ìgbà tí Bàbá ti lọ.

Orúnkún rẹ̀ kọ́kọ́ fi ìyà jẹ ẹ́ ní Lyon, ó sì pẹ́ kí ó tó lè gbá bọ́ọ̀lù bí ó ti yẹ. Lẹ́yìn náà ni èrè wá dé: ẹ̀ẹ̀mẹfà ni ó bá Lyon gba ife ẹ̀yẹ àwọn aṣáájú ẹgbẹ́ ilẹ̀ Yúróòpù. Ní Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé tí wọ́n ṣe ní Kánádà ní ọdún 2015, òun ni wọ́n fún ní Bọ́ọ̀lù Fàdákà, ìyẹn ẹ̀bùn ẹni kejì tó mọ̀ ọ́n gbá jù lọ nínú ìdíje náà. Ó lọ sí Portland ní Amẹ́ríkà ní ọdún 2016, ó bá wọn gba ife ẹ̀yẹ líìgì wọn ní ọdún 2017, ó sì padà sí Lyon ní ọdún 2018. Ẹni tó lọ sí òkèèrè ń padà wálé, Ẹ̀gbọ́n. N kò mọ ìdí tí ẹ fi ń sọ fún àwọn ènìyàn pé èmi kò ní padà.

Ní ọdún 2019, tí ilẹ̀ Faransé gba àlejò Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé, òun ni balógun ikọ̀ wọn. Wọ́n pàdé àwọn ọmọ tiwa, Super Falcons, ní Rennes. Wendie Renard ti ikọ̀ Faransé gbá pẹnáritì, ó ba òpó, inú mi dùn, àfi bí wọ́n ṣe ní kí ó tún un gbá nítorí pé aṣọ́lé wa, Chiamaka Nnadozie, ti kúrò lórí ìlà kí bọ́ọ̀lù tó gbéra. Èkejì wọlé, wọ́n sì fi àmì ayò kan sí òdo lù wá. Inú ń bí mi di òní. Mọ́rẹ́nikẹ́ kéré nígbà náà, síbẹ̀ ó bi mí pé ta ni obìnrin tó so aṣọ balógun mọ́ apá yẹn. Nígbà tí Henry wá gbá góòlù wọlé ní àfikún àsìkò ní Le Havre, tí wọ́n fi lé Brazil lọ sílé, ọmọ yín fò títí aládùúgbò ìsàlẹ̀ fi kan àjà. Amẹ́ríkà ni ó dá wọn dúró lẹ́yìn náà, 2 sí 1.

N kò ní fi apá tó korò pamọ́ fún yín. Ní ọdún 2020, akọ́nimọ̀ọ́gbá ikọ̀ orílẹ̀-èdè, Corinne Diacre, yọ orúkọ rẹ̀ kúrò, Henry sọ ohun tó wà lọ́kàn rẹ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n, wọn kò sì mú un lọ sí ìdíje Yúróòpù ti ọdún 2022. Ní oṣù Karùn-ún ọdún yẹn kan náà, ní àṣekágbá ife ẹ̀yẹ àwọn aṣáájú ẹgbẹ́ ilẹ̀ Yúróòpù ní Turin, ó ti ọ̀nà jíjìn ta bọ́ọ̀lù kan sínú ilé Barcelona nígbà tí eré kò tíì ju ìṣẹ́jú mẹ́fà lọ. Lyon sì borí pẹ̀lú 3 sí 1. Akọ́nimọ̀ọ́gbá tuntun pè é padà ní ọdún 2023, wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ mọ́ àwọn tó ń lọ sí Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé, ẹsẹ̀ sì tún dùn ún kí ìdíje tó bẹ̀rẹ̀. Mo sọ èyí fún Mọ́rẹ́nikẹ́ bí mo ti ń sọ ọ́ fún yín, kí ó má baà rò pé oyin nìkan ló wà níbẹ̀. Ó ní òun mọ̀.

Ìwé ni ó ń kà láàárọ̀, ìwé ni ó ń kà lálẹ́; bọ́ọ̀lù kò ju ọjọ́ Ọjọ́rú àti Àbámẹ́ta lọ. Bí ìwé rẹ̀ bá fà sẹ́yìn, èmi fúnra mi ni n ó kó bàtà náà sínú àpótí. Ṣùgbọ́n kò ní wá ní oṣù Kẹsàn-án. Ní ìgbà Kérésìmesì ni èmi àti òun yóò jọ wá kí yín, bí Ọlọ́run bá fẹ́, kí ẹ lè bi í ní ohunkóhun tí ẹ bá fẹ́.

Ṣé káfíńtà ti ra pákó? Ẹ jọ̀wọ́, ẹ ya àwòrán rẹ̀ ránṣẹ́ sí mi, nítorí títí di òní n kò tíì rí ohun tí wọ́n fi owó tí mo fi ránṣẹ́ ní ọdún tó kọjá ṣe.

Èmi ni àbúrò yín,
Bàbá Mọ́rẹ́nikẹ́