Lẹ́tà sí Pearl Primus, Ọmọwálé

Màmá Ọmọwálé,

Ẹ kú ilé o. Mo mọ̀ pé lẹ́tà yìí kò lè tẹ̀ yín lọ́wọ́ mọ́, láti ọdún 1994 lẹ ti papò dà. Ọ̀rọ̀ kan ló ń jẹ mí lọ́kàn, kò sì sí ẹlòmíì, àfi ẹ̀yin tí ẹ jẹ́ oníjó àti olùkọ́ ijó ní Amẹ́ríkà, tí mo lè sọ ọ́ fún tí yóò yé bó ṣe yẹ kó yé e.

Lóṣù tó kọjá, níbi òkú àgbà kan, ọkùnrin kan tó mọ̀ mí nígbà tí mo ṣì ń jó lórí ìtàgé wò mí látòkè délẹ̀. Ó ní, “Àǹtí, ṣé ẹ ṣì ń jó ṣá, àbí ẹ kàn ń kọ́ àwọn ọmọ?” Mo rẹ́rìn-ín, mo yí ọ̀rọ̀ padà. Àmọ́ “kàn” yẹn bá mi délé, kò jẹ́ kí n sùn.

Ẹ̀yin náà, ijó kọ́ lẹ bá lọ sílé ìwé. Trinidad ni wọ́n bí yín sí lọ́dún 1919, New York lẹ dàgbà sí, bàọ́lọ́jì lẹ sì kà ní Hunter College, tí ẹ fi gboyè lọ́dún 1940. Ìmọ̀ ìṣègùn lọ́kàn yín wà. Àwọ̀ dúdú tí ẹ ní ni kò jẹ́ kí wọ́n gbà yín síṣẹ́ nílé àyẹ̀wò, ìyẹn ló sì tì yín dé ibi tí wọ́n ti ń jó. Nígbà tó fi máa di ọdún 1943, ẹ ti wà lórí ìtàgé, àwọn tó wò yín kò sì yéé sọ bí ẹ ṣe ń fò: wọ́n ní bíi ẹsẹ̀ bàtà márùn-ún kúrò nílẹ̀! Èmi náà, ìṣirò owó ni mo lọ kọ́. Ìlù bàtá ló pè mí kúrò níbẹ̀.

Ọdún 14 ni mo fi jó níwájú èrò. Bí iná ìtàgé bá tàn síni lójú, èèyàn kì í rí ẹnikẹ́ni nínú òkùnkùn iwájú yẹn, àtẹ́wọ́ nìkan leèyàn ń gbọ́, ó sì máa ń pani bí ọtí. Nínú yàrá tí mo ti ń kọ́ àwọn ọmọ níjó, kò sẹ́ni tó ń pàtẹ́wọ́. Mo máa ń kọjú sí àwọn ọmọ ni, nítorí náà bí mo bá fẹ́ kí wọ́n gbé ẹsẹ̀ ọ̀tún, òsì lèmi gbọ́dọ̀ gbé. Ọdún méjì ló gba ara mi kó tó lè máa jó lódì láìronú. Ó wá kó bá mi lálẹ́ ọjọ́ kan lórí ìtàgé: gbogbo ẹgbẹ́ yà sí ọ̀tún, èmi nìkan yà sósì. Àwọn èrò rò pé ara ijó ni, wọ́n pàtẹ́wọ́ bí ẹni pé ọwọ́ wọn fẹ́ já.

Orúnkún òsì mi ló kọ́kọ́ ní ó tó. Ní nǹkan bí oṣù mẹ́ta sẹ́yìn, mo fẹ́ fi bí wọ́n ṣe ń fò han àwọn ọmọ. Mo kó ara jọ, mo fò. Bóyá ni bébà lè gba abẹ́ ẹsẹ̀ mi kọjá. Ọmọbìnrin kan, ọmọ ọdún 12, ní, “Àǹtí, ẹ má fò mọ́. Ẹ sọ ọ́ fún mi.” Mo ní kó tẹ orúnkún ju bó ṣe rò lọ, kí gìgísẹ̀ rẹ̀ kanlẹ̀ dáadáa kó tó gbéra, kó jẹ́ kí èjìká dákẹ́, kó má sì ka ení, èjì kankan o: ẹnu ìyáàlù ni kó máa gbọ́. Ìyáàlù sọ̀rọ̀. Ọmọ náà fò. Màmá, ó pẹ́ lókè! Ó dúró níbẹ̀ bí ẹni tó ń wá nǹkan sórí àjà. Fún gbogbo ọdún 14 yẹn, n kò rí fífò yẹn rí, torí pé inú rẹ̀ ni mo wà.

Nígbà tí ẹ wá sílẹ̀ Áfíríkà lọ́dún 1948, ẹ̀yin tí òkìkí yín ti kàn ní New York, akẹ́kọ̀ọ́ lẹ wá ṣe. Ẹ kọ́ ẹsẹ̀ ijó lọ́dọ̀ àwọn tó ni ín, ní Gold Coast (tó ti di Ghana báyìí), ní Liberia, ní Nàìjíríà. Nílẹ̀ wa níbí ni wọ́n ti sọ yín ní Ọmọwálé. Mo máa ń ronú nípa àwọn tó kọ́ yín yẹn. N kò tíì rí ìwé ìròyìn tó gbé orúkọ wọn. Ṣé àwọn náà “kàn” ń kọ́ yín ni?

Ohun kan wà tí mo fẹ́ bá yín jiyàn lé o, ẹ má bínú. Fanga, ijó ìkíni káàbọ̀ tí ẹ rí ní Liberia, ẹ tò ó fún ìtàgé. Lójúde, èrò yí oníjó ká, onílù wà nítòsí rẹ̀. Lórí ìtàgé, iwájú nìkan lojú wà, kò sì ní pẹ́ tí oníjó á fi gbàgbé ìlù, tí á máa jó fún ojú. Mo ti ṣe bẹ́ẹ̀ rí, kò dáa lára mi. Ṣùgbọ́n ẹ wo ibi tí Fanga dé: àwọn ọmọ ilé ìwé ń jó o ní Amẹ́ríkà, wọ́n sì ń fi orin tí “àlàáfíà” àti “àṣẹ” wà nínú rẹ̀ gbè é. Ijó Liberia, ọ̀rọ̀ Yorùbá! Ẹ̀rín fẹ́rẹ̀ẹ́ pa mí lọ́jọ́ tí mo kọ́kọ́ gbọ́ ọ. Ọ̀pọ̀ wọn ò mọ̀ pé ọwọ́ yín ló gbà kọjá. Àwọn olùkọ́ ló gbé e débẹ̀, kì í ṣe àtẹ́wọ́.

Mo fẹ́ kọ́ àwọn tèmi náà ní Fanga lọ́jọ́ Sátidé. Ọmọ tó ń fò yẹn ni yóò wà níwájú, èmi á dúró sẹ́yìn wọn, kí gbogbo wa lè gbé ẹsẹ̀ kan náà lẹ́ẹ̀kan. Kí wọ́n tó gbé e, màá dárúkọ yín. Èwo ni kí n pè nínú méjèèjì ni mi ò tíì mọ̀, àmọ́ ó dà bíi pé Ọmọwálé ni yóò yá wọn lẹ́nu.

Èmi ni,
olùkọ́ ijó kan tí orúnkún ń dùn.