Ìkéde: Ẹ yẹ firmware wò kí ẹ tó gbé e sórí ráótà

Ẹ̀yin ará wa tí ẹ ń tún ráótà ṣe ní Adó, Ìkẹ́rẹ́ àti Ọ̀yẹ́, ẹ kú iṣẹ́ o.

Ẹ má gbé firmware (ètò inú ráótà tó ń mú un ṣiṣẹ́) tí wọ́n fi ránṣẹ́ lórí WhatsApp sórí ráótà oníbàárà mọ́. Lórí ojúlé OpenWrt, ìyẹn àwọn tó ń ṣe firmware ọ̀fẹ́ fún ráótà, fáìlì sha256sums, tí wọ́n kọ àmì ìdánimọ̀ firmware kọ̀ọ̀kan sí, wà níbi tí firmware wà. Ẹ gba méjèèjì. Lórí Windows, ẹ tẹ certutil -hashfile, orúkọ fáìlì, àti SHA256. Lórí Linux, sha256sum àti orúkọ fáìlì. Àmì ìdánimọ̀ tó jẹ́ ẹyọ lẹ́tà àti nọ́ńbà 64 ni yóò jáde. Ẹ fi gbogbo rẹ̀ wé èyí tó wà nínú sha256sums, kì í ṣe mẹ́rin àkọ́kọ́ nìkan. Bí ẹyọ kan bá yàtọ̀, ẹ pa á rẹ́, kí ẹ tún un gbà; nẹ́tíwọ́ọ̀kì tó já láàárín lè fà á.

Pé àmì bára mu kò ní kí fáìlì bá ráótà yín mu o! Ẹ dojú ráótà dé, ẹ wò ó bóyá v1 ni tàbí v2 (ẹ̀dà ráótà náà), kí ẹ sì gba fáìlì tó jẹ́ tirẹ̀. Bí ráótà bá kọ fáìlì, ẹ má fi -F (àṣẹ tó ń fipá gbé firmware wọlé) fipá mú un.